Àwo Orin Tí Mo Ṣe Kí Abẹ Tó Kan Ọrùn Mi

Bàbá mi kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì tó bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n kò sí orin onígìtá ilẹ̀ Amẹ́ríkà kan tí wọ́n ń gbé sórí rédíò láàárọ̀ Sọ́ńdè tí kò lè kọ láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Awakọ̀ agbégilódò ni. Inú igbó tó wà lẹ́yìn Ìjẹ̀bú-Igbó ni wọ́n ti ń di igi rù ú, yóò gbé e dé ilé ìlagi, yóò sì tún padà wọ igbó. Bí ó bá ti jókòó sídìí ọkọ̀, kásẹ́ẹ̀tì ni yóò kọ́kọ́ tì bọ inú ẹ̀rọ kí ó tó sítáàtì. Orin kọ́ńtìrì ni wọ́n ń pè é. Orin darandaran òyìnbó, orin ọkọ̀ ojú irin, orin ẹni tó fi ìyàwó sílé tó ń rin ọ̀nà jíjìn. Bàbá mi a máa túmọ̀ wọn fún wa bó bá ṣe wù ú. Mo ti dàgbà kí n tó mọ̀ pé orin kan tó sọ fún wa pé ó dá lórí ọmọ tó gbàgbé ìyá rẹ̀, ọ̀rọ̀ ẹṣin ni. Mi ò tọ́ ọ sọ́nà. Tirẹ̀ dùn ju ti ẹṣin lọ.

Èmi ni àkọ́bí rẹ̀, èmi náà ni mo jogún etí rẹ̀. Nígbà tí mo wà ní ilé ẹ̀kọ́ girama, ó ra gìtá àlòkù kan bọ̀ láti Ìjẹ̀bú-Òde, okùn kan ti já nínú rẹ̀. Ó fi táwẹ̀lì wé e bí ọmọ tuntun, ó gbé e lé mi lọ́wọ́, ó ní kí n máa ta á bí àwọn inú kásẹ́ẹ̀tì yẹn ṣe ń ta á. Ìyá mi wo gìtá náà títí, ó wá béèrè bóyá òun ni n ó máa fi ka Kùránì. Bàbá mi ní n ó ka Kùránì, n ó sì ta gìtá, pé ọwọ́ méjì ni Ọlọ́run fún mi.

Ọmọ Òde-Omi ni ìyá mi, ní etí ọ̀sà lọ́hùn-ún, níbi tí ọmọdé ti ń mọ ọkọ̀ wà kó tó mọ kẹ̀kẹ́ gùn. Ẹja yíyan ló ń tà ní Ìjẹ̀bú-Igbó. Ìyé ni à ń pè é nílé, torí bẹ́ẹ̀ ni òun náà ṣe pe ìyá tirẹ̀. Obìnrin tí kì í sọ̀rọ̀ púpọ̀ ni. Kò kórìíra orin mi. Kò kàn rí ìdí tí ènìyàn fi máa gbé e lé orí bí ẹrù.

Nígbà tí mo wọ yunifásítì ní Àgọ́-Ìwòyè, mo gbé gìtá náà dání. Gẹ̀ẹ́sì ni mo kọ́kọ́ fi ń kọrin, mo sì ń ránmú bí àwọn òyìnbó tí mo gbọ́ nínú ọkọ̀ bàbá mi. Ọmọbìnrin tí a jọ ń gbé yàrá bi mí lọ́jọ́ kan, pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, pé ta ni mò ń bá sọ̀rọ̀ nínú orin náà. Ìbéèrè náà dùn mí. Nígbà tí mo lọ sílé ní òpin ọ̀sẹ̀ yẹn, mo jókòó sí ẹ̀yìnkùlé, mo kọ orin kan nípa bàbá mi ní ohùn Ìjẹ̀bú tí a fi ń bá ara wa wí nílé. Ohun tó wí kò ju pé bàbá mi ń gbé igbó kiri lórí táyà, pé igi tí ẹyẹ ti sùn lánàá ni wọ́n fi ń kan bẹ́ẹ̀dì lónìí. Mo fi gìtá sí i, ìró gìtá náà sì jẹ́ ti kọ́ńtìrì síbẹ̀. Láti ọjọ́ náà ni mi ò ti ránmú mọ́.

Lẹ́yìn tí mo jáde, mo rí iṣẹ́ olùkọ́ ní ilé ẹ̀kọ́ kan ní Ìlàpòrù. Lópin ọ̀sẹ̀, mo máa ń lọ kọrin fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ní Àgọ́-Ìwòyè, níbikíbi tí wọ́n bá ti gbé àga sílẹ̀ fún mi. Wọ́n ń bi mí pé ìgbà wo ni n ó gbé àwo orin jáde. Mo máa ń sọ pé ó ń bọ̀. Irọ́ kọ́, ṣùgbọ́n kò sí ohun tí mò ń ṣe sí i. Mo rò pé ohùn jẹ́ ohun tí ènìyàn ń bá nílé nígbàkigbà tó bá dé.

Ìyé ló kọ́kọ́ rí i. Ó ń dirun fún mi ní ẹ̀yìnkùlé, ó ní kí n gbé àgbọ̀n sókè, ọwọ́ rẹ̀ sì dúró. Ó ní kí n dá itọ́ mì. Mo dá a mì. Ó ní kí n tún dá a mì. Ohun kan ń lọ sókè sódò ní ọ̀fun mi bí ẹyin. Kò pè é ní gẹ̀gẹ̀, èmi náà kò pè é bẹ́ẹ̀. Ó dirun náà parí, kò fi ìkankan sílẹ̀, lẹ́yìn náà ló wá sọ pé a óò lọ sí ilé ìwòsàn bí ilẹ̀ bá mọ́.

Wọ́n fún mi lóògùn, mo lò ó, kò lọ. Wọ́n ní kí a lọ sí ilé ìwòsàn tó tóbi ju ìyẹn lọ, a sì lọ. Dókítà ibẹ̀ jẹ́ obìnrin tó máa ń fara balẹ̀ sọ̀rọ̀. Ó ní ohun tó wú náà ń dàgbà sínú, ó ti ń fún ọ̀nà èémí mi, pé iṣẹ́ abẹ ni yóò gbà. Ó wá fi ìka tọ́ka sí ọ̀fun ara rẹ̀ láti fi hàn wá: iṣan tẹ́ẹ́rẹ́ kan wà ní apá ọ̀tún, òmíràn wà ní apá òsì, wọn kò nípọn ju òwú ìránṣọ lọ, àwọn ló sì ń ṣí ohùn tí wọ́n ń pa á dé. Wíwú náà ti dì mọ́ ọ̀kan nínú wọn.

Bàbá mi ló béèrè. “Dókítà, ṣé ohùn rẹ̀ máa lọ ni?”

“Bàbá, mi ò lè búra fún yín pé yóò lọ,” ni dókítà wí. “Mi ò sì lè búra pé kò ní í lọ. Ohun tó dá mi lójú ni pé bí a bá fi í sílẹ̀, èémí ni yóò dí.”

Ó fún wa ní ọjọ́ tí n ó padà wá. Kì í ṣe ọ̀la, kì í sì í ṣe ọjọ́ tó jìnnà. Mọ́tò èrò ni a wọ̀ bọ̀. Awakọ̀ náà ń gbọ́ wáàsí lórí rédíò. Mò ń gbọ́ ohùn oníwáàsí náà bó ṣe ń gòkè tó ń sọ̀ kalẹ̀, mi ò mọ ọ̀rọ̀ kan nínú ohun tó wí.

Lẹ́yìn ìrun alásárì ọjọ́ náà, bàbá mi kò dìde lórí ẹní. Ó jókòó síbẹ̀, ó ń fi tẹ̀súbáà ṣeré lọ́wọ́, ó wá pè mí. Ó ní kí n lọ kọ orin mi sínú ẹ̀rọ kí wọ́n tó fọwọ́ kàn mí lọ́rùn. Ìyé wà lẹ́nu ọ̀nà, àwo ẹja lọ́wọ́ rẹ̀. Mi ò tíì rí i kó dá bàbá mi lóhùn lójú wa rí.

“Ohùn ni ẹ̀ ń wí,” ló sọ. “Èmi, ọmọ ni mò ń wí.”

Bàbá mi kò gbójú sókè. “Ọmọ náà ni èmi náà ń wí.”

Ẹ̀rù tó ń ba Ìyé ni pé orin kíkọ yóò mú wíwú náà le sí i, pé n ó ṣubú lulẹ̀ níbi tí kò ti ní í sí òun níbẹ̀. Bàbá mi ń rò ó pé bí ohùn náà bá lọ tí kò sí nínú ohunkóhun, n ó máa wá a kiri gbogbo ọjọ́ ayé mi. Títí dòní, mi ò mọ ẹni tó jàre. Ìyé pe dókítà lórí fóònù láìsọ fún ẹnikẹ́ni, ó béèrè bóyá orin lè pa mí. Dókítà ní kò lè pa mí, bí mo bá ṣáà ti lè sinmi nígbà tí èémí mi bá kúrú. Ó padà wá sínú ilé, ó ní kí n máa lọ, ṣùgbọ́n kí n máa jẹun.

Ẹni tó gba orin náà sílẹ̀ jẹ́ ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó ti jáde ní yunifásítì kí n tó wọlé, tí kò sì kúrò ní Àgọ́-Ìwòyè mọ́. Ó gba yàrá kan nínú ilé tí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ń gbé, ó fi fóòmù ìbùsùn bo ògiri mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, ó fi aṣọ tó nípọn dí fèrèsé. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ wà ní ìsinmi. Bí wọ́n bá wọlé, ariwo jẹnẹrétọ̀ àti ọ̀kadà kì í jẹ́ kí ènìyàn gbọ́ ohun tó ń rò. Bí wọ́n bá lọ, ìlú náà a dàbí ilé tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ kó ẹrù kúrò nínú rẹ̀. Àwọn olóúnjẹ a tilẹ̀kùn, àwọn ọlọ́kadà a sùn lórí máṣíìnì wọn lábẹ́ igi. Àsìkò yẹn ni a lò.

Àárọ̀ la máa ń bẹ̀rẹ̀, kí oòrùn tó mú, torí pé bí yàrá náà bá gbóná, mi kì í rí èémí mí dáadáa. Ọ̀dọ́mọkùnrin náà, agbohùnsílẹ̀ wa, mọ̀ nípa ọrùn mi. Mo ti sọ fún un lórí fóònù, kò sì tún dárúkọ rẹ̀ mọ́. Ṣùgbọ́n ẹ̀rọ kì í bo ohunkóhun. Nígbà tó gbé ohun tí mo kọ sí mi létí, mo gbọ́ èémí mi láàárín orin, ó ń ha bí ẹni tó ń fi sáńpépà ha igi. Ó ní òun lè fi kọ̀ǹpútà yọ ọ́. Mo ní kó yọ ọ́. Ó yọ ọ́ tán, ó ní kí n gbọ́, ó sì dàbí pé ẹlòmíràn ló ń kọrin náà, ẹnì kan tí nǹkan kan kò ṣe láyé. Mo ní kó dá a padà sí i.

Bàbá mi máa ń yà sọ́dọ̀ wa bó bá já igi sílẹ̀ tán, ìyẹ̀fun pákó nínú irun rẹ̀. Lọ́jọ́ tó kọ́kọ́ wọlé, mo ti bẹ̀rẹ̀ orin, ó bá mi gbè é. Agbohùnsílẹ̀ bẹ̀ ẹ́ pé kó dákun, kó kàn máa tẹ́tí. Ó gbà, ó sì fi ọwọ́ bo ẹnu, ṣùgbọ́n bí a ṣe dé ibi ègbè, ohùn rẹ̀ tún yọ. Wọ́n gbé àga fún un síta lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilẹ̀kùn. Ibẹ̀ ló ń jókòó sí láti ìgbà náà. Bí mo bá jáde láti wá afẹ́fẹ́, mo máa ń bá a níbẹ̀, ó di ojú, ẹnu rẹ̀ ń lọ láìsí ìró.

Orin tó kẹ́yìn ló le jù. Bàbá Ìyé ni mo kọ ọ́ nípa rẹ̀, apẹja Òde-Omi tó lọ sórí ọ̀sà nígbà tí Ìyé ṣì kéré, tí kò padà wálé. Ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni Ìyé sọ ìtàn náà fún wa. Ó ní ìyá òun kò jẹ́ kí iná àdògán kú nínú ilé fún ọjọ́ púpọ̀, pé bó bá dé, yóò fẹ́ jẹun gbígbóná. Ègbè orin náà kò gùn: omi ló gbé mi lọ, omi ni yóò gbé mi bọ̀, ẹ má pa iná, mo ń bọ̀ wá jẹun. Ibi tí mo ti ń pe “mo ń bọ̀” ga púpọ̀. Ọ̀fun mi kò sì fẹ́ gòkè mọ́. Mo gbìyànjú rẹ̀ láti àárọ̀, ó ń já lẹ́nu mi. Agbohùnsílẹ̀ ní kí a rẹ ohùn gìtá náà sílẹ̀ kó lè rọrùn fún mi. Mo kọ̀. Ìgbéraga wà nínú rẹ̀, mi ò ní í purọ́, ṣùgbọ́n ó tún dà bíi pé bí mo bá rẹ̀ ẹ́ sílẹ̀, ọkùnrin náà kò ní í gbọ́ láti orí omi.

Ọjọ́ yẹn gan-an ni Ìyé wá. Kò wá rí láti ìgbà tí a ti bẹ̀rẹ̀. Ó gbé ìrẹsì àti ẹja wá, ó bọ́ bàtà sẹ́nu ọ̀nà bí ẹni tó fẹ́ wọ mọ́ṣáláṣí, ó wọlé, ó jókòó sórí fóòmù tó wà nílẹ̀. Mi ò sọ fún un pé mo ti kọ ìtàn bàbá rẹ̀ lórin. Kò sí ibi tí mo lè sá sí mọ́. Mo di gìtá mú, mo kọ ọ́ níwájú rẹ̀, ibi gíga náà sì jáde. Kò mọ́ dáadáa, ó gbọ̀n díẹ̀ ní ìparí, ṣùgbọ́n ó débẹ̀. Òun ló wà nínú àwo orin náà lónìí.

Ìyé ń fi etí ìborùn rẹ̀ nu ọwọ́, bẹ́ẹ̀ ọwọ́ rẹ̀ kò tutù. Nígbà tó yá, ó bi agbohùnsílẹ̀ bóyá ẹ̀rọ náà lè gba ọ̀rọ̀ lásán tí kì í ṣe orin. Agbohùnsílẹ̀ ní, “Bẹ́ẹ̀ ni, Mọ́mì.”

“Ẹ jẹ́ kó pè mí,” ni Ìyé wí. “Bó ṣe máa ń pè mí láti ẹ̀yìnkùlé.”

Ojú tì mí. Mo súnmọ́ máìkì, mo pè é bí ọmọ ilé ìwé tó ń ka àkọ́sórí. Ó mi orí. Ó ní èmi kọ́ nìyẹn. Mo wá di ojú, mo rántí èéfín ibi tó ti ń yan ẹja, mo rántí pé ebi ń pa mí, mo sì pe Ìyé bí mo ṣe ń pè é láti kékeré, pẹ̀lú ohùn tó fà gùn lẹ́yìn. Kò mọ ìgbà tó dáhùn. “Oo,” ló wí láti orí fóòmù. Nítorí náà, ìpè mi àti ìdáhùn rẹ̀ ló jọ wà níbẹ̀. Agbohùnsílẹ̀ fi ránṣẹ́ sórí fóònù rẹ̀. Kò tẹ̀ ẹ́ sétí mi rí, mi ò sì béèrè.

Kò pẹ́ sígbà náà ni mo wọ ilé ìwòsàn. Bàbá mi ṣe àdúà sí mi lórí, ó fẹ́ atẹ́gùn àdúà náà sí mi lọ́rùn. Wọ́n tì mí wọlé. Ohun tí mo tún mọ̀ lẹ́yìn ìyẹn ni pé ọrùn mi wúwo, pé báńdéèjì wà níbẹ̀, pé Ìyé bẹ̀rẹ̀ mọ́ mi lórí bẹ́ẹ̀dì. Mo fẹ́ pè é. Ẹnu mi là, afẹ́fẹ́ nìkan ló jáde. Mo tún gbìyànjú. Ó fi àtẹ́lẹwọ́ bo ẹnu mi, kò tẹ̀ ẹ́.

“Má pè mí,” ló wí. “Mo ti gbọ́.”

Dókítà ní kí a ṣe sùúrù, pé iṣan a máa sùn nígbà mìíràn kó sì tún jí. A ṣe sùúrù. Mo padà sí Ìlàpòrù, mo ń fi ṣọ́ọ̀kì kọ gbogbo ẹ̀kọ́ sára pátákó, àwọn ọmọ kíláàsì mi sì kọ́ láti dákẹ́ ju bí olùkọ́ kankan ti lè mú wọn dákẹ́ lọ. Ohùn náà padà díẹ̀díẹ̀, ṣùgbọ́n kì í ṣe èyí tó lọ ló dé. Èyí tó dé há, ó sì rẹlẹ̀, bí ìgbà tí wọ́n bá ń fa àpótí nílẹ̀ẹ́lẹ̀. Mo lè fi bá ènìyàn sọ̀rọ̀. Mo lè fi bá ọmọ wí. Bí mo bá gbé e síbi orin, ó ń pín sí méjì, apá kan a lọ, èkejì a dúró. Nígbà tí a tún lọ rí dókítà, ó fi ẹ̀rọ wo ọ̀fun mi, ó ní ọ̀kan nínú iṣan méjèèjì kò ṣiṣẹ́ mọ́. Ó sọ ọ́ gbangba, kò fi ìrètí tí kò sí tàn mí. Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀.

Ìyé sọ fún mi lásìkò náà pé bàbá mi kò fi kásẹ́ẹ̀tì sínú ọkọ̀ mọ́. Láti ilé dé inú igbó, láti inú igbó dé ilé ìlagi, ẹ́ńjìnnì nìkan ló ń gbọ́.

Agbohùnsílẹ̀ ti parí iṣẹ́ tirẹ̀ lórí àwo orin náà. Ó wá bá mi ní Ìjẹ̀bú-Igbó, ó béèrè bóyá kí òun gbé e jáde tàbí kí òun fi pa mọ́. Ó ní mo lè gbọ́ ọ ná kí n tó pinnu. Mo ní mi ò fẹ́ gbọ́ ọ, ṣùgbọ́n kó gbé e jáde. Ó ti wà nínú mi tẹ́lẹ̀, mo fẹ́ kó rí ibòmíràn gbé.

Ó gbé e sórí íńtánẹ́ẹ̀tì. Mo rò pé àwọn ọ̀rẹ́ wa díẹ̀ ni yóò gbọ́ ọ. Láìpẹ́, mò ń bá orin ara mi pàdé ní ojú ọ̀nà. Mo gbọ́ ọ ní ṣọ́ọ̀bù agẹrun ní Àgọ́-Ìwòyè. Mo gbọ́ ọ lórí fóònù obìnrin kan tó ń ta kẹ́rósíìnì. Orin ọ̀sà ni wọ́n fẹ́ràn jù. Àwọn tí ọmọ wọn wà lókè òkun ń fi ránṣẹ́ sí wọn. Wọ́n ní ẹni tó kọ ọ́ mọ bí ọ̀nà ṣe ń jìn.

Ilé iṣẹ́ rédíò kan pè mí. Mo lọ, nítorí bàbá mi wẹ̀, ó wọ jálàbíà, ó ní òun yóò gbé mi débẹ̀. Ọkùnrin tó fẹ́ bi mí ní ìbéèrè jáde wá kí wa tẹ̀ríntẹ̀rín, ṣùgbọ́n nígbà tí mo dáhùn ìkíni rẹ̀, ẹ̀rín náà dúró lójú rẹ̀ kò sì lọ síbì kan. Kí a tó wọlé, ó rọra bi mí léèrè. “Ẹ má bínú. Ṣé ẹ̀yin gan-an lẹ kọ orin yìí?”

Mo tú ìborùn mi, mo fi ojú àpá hàn án. Ó wo ibòmíràn. Ó tọrọ àforíjì, ó sì ṣe dáadáa sí wa. Lórí afẹ́fẹ́, orin ló fi sí jù, ó sì bi bàbá mi nípa igi àti igbó, bàbá mi sì sọ̀rọ̀ púpọ̀. Nígbà tí a ń bọ̀, ó ní ọkùnrin náà gbọ́n. Mi ò sọ ohun tó bi mí fún un. Ṣùgbọ́n mi ò tún lọ síbì kan tí wọ́n bá pè mí mọ́, àwọn tó ń pè náà sì dẹ́kun pípè.

Gìtá náà wà lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì, eruku bò ó. Lọ́jọ́ Sọ́ńdè kan, bàbá mi ní kí n gbé e jáde. Ó ti fi ọkọ̀ wíwà sílẹ̀ nígbà náà, orúnkún ń dà á láàmú. Ó ní kí n ta ti òun, ìyẹn èyí tó ní òun ń gbé igbó kiri. Mo ní mi ò lè kọ ọ́. Ó ní ta ló ní kí n kọ ọ́. Ó jókòó tì mí ní ẹ̀yìnkùlé, mo ta gìtá, òun ló kọrin. Ohùn rẹ̀ kò bá okùn kankan mu lórí gìtá náà. Ó gbàgbé ìlà kejì, ó fi tirẹ̀ dípò, ó ní igi tí ẹyẹ sùn lé lánàá ti di ìjókòó lẹ́mọ́ọ̀mù. Mo dúró, mo fi ohùn mi tó há sọ fún un pé bẹ́ẹ̀ kọ́ ni mo ṣe kọ ọ́.

“Bí mo ṣe gbọ́ ọ nìyẹn,” ló wí.

Mo rẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín náà pàápàá ti há, ó jáde bí ikọ́, Ìyé sì yọjú láti inú ilé wò wá bóyá nǹkan kan ṣe mí. Láti ọjọ́ náà, Sọ́ńdè ni ọjọ́ wa. Mi ò ní sọ pé ó mú ìrora náà tán. Àwọn ọjọ́ kan wà tí mo máa ń sáré kọjá níbi tí orin mi ti ń dún, bí ẹni tó rí ẹni tó jẹ ẹ́ níyà.

Ní ọdún tó kọjá, èmi àti Ìyé lọ sí Òde-Omi láti lọ kí ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ọkùnrin tó ń ṣàìsàn. A wọ mọ́tò dé etí ọ̀sà, a wọ ọkọ̀ ojú omi tó ní ẹ́ńjìnnì. Ọkọ̀ náà kún. Obìnrin àgbàlagbà kan jókòó tì mí, agbọ̀n kan wà láàárín ẹsẹ̀ rẹ̀. Nígbà tí a dé àárín omi, ọlọ́kọ̀ tẹ orin sí fóònù, orin ọ̀sà tèmi sì ni. Àwọn èrò bẹ̀rẹ̀ sí í gbè é wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́. Mo kọjú sí omi.

Obìnrin náà mí kanlẹ̀. Ó ní ó ṣe ni láàánú, ọmọbìnrin tó kọ orin yìí, wọ́n ní ó ti kú. Ó ní orí bẹ́ẹ̀dì ilé ìwòsàn ló kú sí, ìdí nìyẹn tí kò fi sẹ́ni tó rí i. Ó ní kí Ọlọ́run forí jì í. Àwọn mélòó kan ṣe àmín.

Ìyé kò ṣe àmín. “Ọmọ náà ń bẹ,” ló wí.

“Ṣé ẹ mọ̀ ọ́n ni?”

“Mo mọ̀ ọ́n.” Kò wí ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ó wò mí, ó sì mú ojú kúrò lára mi, kó má baà dà bíi pé òun ló fi agbára mú mi.

Ariwo ẹ́ńjìnnì pọ̀, mo sì ní láti tẹ̀ mọ́ obìnrin náà létí kó tó gbọ́ mi. Mo ní, “Èmi ni, ìyá.”

Ó wo ojú mi. Ó ń gbọ́ ohùn tó ń ti inú fóònù jáde, ó sì ti gbọ́ tèmi. Mo rò pé yóò jiyàn, tàbí pé yóò béèrè ohun tó ṣẹlẹ̀, mo sì ti ń múra bí n ó ṣe tú ìborùn. Kò béèrè. Ó di ọwọ́ mi mú, ọwọ́ rẹ̀ le, ó tutù, ó ní, “Pẹ̀lẹ́, ọmọ mi.” Lẹ́yìn náà, ó fa agbọ̀n rẹ̀ sẹ́yìn, ó sún, ó ní kí n bọ́ sí inú, pé omi ń ta sí mi lára níbi tí mo wà.

Mo bọ́ sí inú. Ọlọ́kọ̀ kò gbọ́ ọ̀kankan nínú ohun tí a sọ. Orin náà parí, òmíràn sì bẹ̀rẹ̀ tí kì í ṣe tèmi. Nígbà tí a gúnlẹ̀ sí Òde-Omi, mo ran obìnrin náà lọ́wọ́ láti gbé agbọ̀n rẹ̀ sókè, ó dúpẹ́, ó bá tirẹ̀ lọ, èmi àti Ìyé sì gba ọ̀nà ilé ẹ̀gbọ́n rẹ̀.